Erik Løchen Kò Sín Godard Jẹ: Àtúnṣe sí Ìtàn Sinimá Nọ́wè

Bí ọ̀rọ̀ sinimá ilẹ̀ Nọ́wè bá délẹ̀ láàárín àwọn tó fẹ́ràn fíìmù àtijọ́, ohun tí a sábà máa ń gbọ́ nípa Erik Løchen, adarí fíìmù ará Nọ́wè, ni pé ọmọ ẹ̀yìn àwọn Faransé ni. Wọ́n á ní ó wo ohun tí Jean-Luc Godard ṣe nígboro Paris, ó sì lọ ṣe irú rẹ̀ lórí òkè ní Nọ́wè. Wọ́n á tún ní fíìmù ńlá rẹ̀ kejì, èyí tí a lè tò bó bá ṣe wu ẹni tó fẹ́ fi í hàn, eré ìṣirò lásán ni. Àwọn mìíràn kò sì mọ̀ ọ́n ju bàbá ìyá Joachim Trier, adarí fíìmù òde òní, lọ. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta nìyẹn, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló fẹ́ àtúnṣe. Èyí àkọ́kọ́ ló burú jù, torí pé ó gba iṣẹ́ ọwọ́ ọkùnrin náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó gbé e fún ẹlòmíràn.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti orí ọdún, nítorí ọdún kì í ṣe ojúsàájú. Jakten, fíìmù ńlá àkọ́kọ́ tí Løchen darí, jáde ní Nọ́wè ní 1959. Oṣù kẹjọ ọdún 1959 yẹn náà ni Godard ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé kámẹ́rà jáde láti ya À bout de souffle, fíìmù tó sọ ọ́ di ìlúmọ̀ọ́ká. Ó di oṣù kẹta ọdún 1960 kí àwọn ará Paris tó rí i wò nílé sinimá. L'Année dernière à Marienbad ti Alain Resnais, tí wọ́n tún máa ń dárúkọ mọ́ Jakten nítorí bí àná àti òní ṣe ń wọnú ara wọn nínú rẹ̀, 1961 ló jáde. Báwo ni ẹni tó ti parí iṣẹ́ tirẹ̀ ṣe fẹ́ wò ó lára iṣẹ́ tí ẹnikẹ́ni kò tíì rí?

N kò ní ṣe àbòsí o. Kì í ṣe gbogbo Faransé ló dé lẹ́yìn Løchen. Les Quatre Cents Coups ti François Truffaut àti Hiroshima mon amour ti Resnais ti hàn ní àjọ̀dún fíìmù ti Cannes ní oṣù karùn-ún ọdún 1959, ìròyìn wọn sì lè ti dé Oslo. Ṣùgbọ́n ìròyìn kì í ya fíìmù. Ènìyàn ní láti kọ ìtàn sílẹ̀, kó wá owó, kó kó àwọn òṣèré àti ẹ̀rọ gun orí òkè, kó padà sílé wá gé ohun tó yà, kó so ó pọ̀, kó fi ohùn sí i. Ohun tó sì mú kí Jakten yàtọ̀ kì í ṣe ohun tí a lè lẹ̀ mọ́ ọn lọ́jọ́ ìkẹyìn. Ó wà nínú egungun ìtàn náà láti ìbẹ̀rẹ̀.

Níbo wá ni àṣìṣe yìí ti wá? Lójú tèmi, Cannes ni. Ní oṣù karùn-ún ọdún 1960, Jakten wọ ìdíje níbẹ̀, nínú ọdún tí La dolce vita ti Federico Fellini gba ẹ̀bùn tó ga jù, tí L'avventura ti Michelangelo Antonioni àti Jungfrukällan ti Ingmar Bergman náà wà lórí pátákó. À bout de souffle kò tíì ju oṣù méjì lọ tó ti ń jà ràn-ìn ní Faransé. Àwọn òǹkọ̀wé tó jókòó sí Cannes rí ti Godard kí wọ́n tó rí ti Løchen, ohun tí ojú bá sì kọ́kọ́ rí ni ọkàn máa ń kà sí àkọ́bí. Nọ́wè nígbà náà jẹ́ orílẹ̀-èdè tí àwọn ènìyàn inú rẹ̀ kò tó mílíọ̀nù mẹ́rin, tí fíìmù rẹ̀ kì í sábà kọjá ẹnubodè. Kò sí ẹni tó ń kéde fún Løchen bí àwọn oníwèé ìròyìn Paris ṣe ń kéde fún àwọn ọmọ tiwọn. Nítorí náà, wọ́n to ìtàn náà bí wọ́n ṣe rí i, wọn kò tò ó bó ṣe ṣẹlẹ̀.

Ṣùgbọ́n bí a bá fi ọdún sílẹ̀ pàápàá, tí a wo iṣẹ́ méjèèjì pẹ̀lú sùúrù, a ó rí i pé ohun tí wọ́n ń wá kò jọra rárá.

Obìnrin kan àti ọkùnrin méjì ló wà nínú Jakten: Guri, Bjørn àti Knut. Bente Børsum, Rolf Søder àti Tor Stokke ló ṣe wọ́n. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta gun orí òkè lọ ṣọdẹ ẹyẹ. Ìbọn wà léjìká, owú wà nínú. Ìtàn tí ẹnikẹ́ni lè sọ ni, kò sì sí ohun tuntun nínú ìjà ọkùnrin méjì lórí obìnrin. Ohun tó jẹ́ tuntun ni ẹni tó ń sọ ọ́. Nínú ọ̀pọ̀ fíìmù ìgbà náà, asọ̀tàn mọ ohun gbogbo, àwọn ènìyàn inú ìtàn kì í sì í gbọ́ ohùn rẹ̀. Àwọn ti inú fíìmù Løchen ń gbọ́ ọ. Ohùn náà á bi wọ́n léèrè, wọ́n á dá a lóhùn. Ẹni tó wà nínú eré á yíjú sí kámẹ́rà, á máa sọ ohun tí kò lè sọ fún ẹnìkejì rẹ̀ tó dúró nítòsí. Ohun tó ti kọjá á padà wá láìsí pé wọ́n kan ilẹ̀kùn fún wa, a ó sì fúnra wa mọ̀ pé ìrántí ni.

Ẹ wo ohun tí èyí ń ṣe sí ẹni tó ń wò. Bí ènìyàn mẹ́ta bá ń bá ọ sọ̀rọ̀ lójúkorojú lórí ọ̀rọ̀ kan náà, tí ọ̀rọ̀ wọn kò sì bára mu, a ti sọ ọ́ di ẹni tí wọ́n kó ẹjọ́ wá bá. O kò lè fẹ̀yìn tì mọ́. O ní láti wò bóyá òtítọ́ ni ẹni yìí ń sọ, àbí ó ń tan ara rẹ̀ jẹ. Nínú À bout de souffle, nígbà tí Jean-Paul Belmondo yíjú sí wa láti inú ọkọ̀ tó jí, ìyájú ọ̀dọ́kùnrin ni, ó dùn ún wò, ó sì fẹ́ kó dùn ún wò. Nínú Jakten, ẹni tó kọjú sí wa ń jẹ́rìí. Bákan náà ni ọ̀rọ̀ gígé fíìmù. Godard gé àárín àwòrán rẹ̀ torí pé fíìmù náà gùn jù, ó sì rí i pé ìgékúgèé yẹn mú kí eré náà sáré. Løchen gé láti fi òní kan àná lára. Ìṣe lè jọra, kí èrò tó wà nídìí rẹ̀ má jọra.

Bí kì í bá ṣe Paris, níbo ni Løchen ti kọ́ ọ? Ìbéèrè tó tọ́ nìyí, torí kò sí oníṣẹ́ ọnà kan tó já bọ́ láti òfuurufú. Ìdáhùn rẹ̀ sún mọ́ ilé ju bí àwọn ènìyàn ṣe rò lọ.

Ní Swídìn tó múlé ti Nọ́wè, Alf Sjöberg ti darí Fröken Julie ní 1951, ó sì pín ẹ̀bùn tó ga jù ní Cannes lọ́dún náà. Nínú fíìmù yẹn, bí Julie bá ń sọ ìtàn ìgbà èwe rẹ̀, ìyá rẹ̀ tó ti kú á kọjá lẹ́yìn rẹ̀ nínú yàrá kan náà, nínú àwòrán kan náà, láìsí pé wọ́n gé fíìmù sí méjì. Ní 1957, Bergman mú arúgbó dókítà inú Smultronstället dúró sáàárín ìgbà ọ̀dọ́ ara rẹ̀, ó ń wò, wọn kò rí i. Ní ti wíwo ojú kámẹ́rà, Bergman ti ṣe é ní 1953 nínú Sommaren med Monika, níbi tí Harriet Andersson ti tẹjú mọ́ wa títí ojú fi bẹ̀rẹ̀ sí í ti ẹni tó ń wò ó. Godard fúnra rẹ̀ kọ̀wé yin fíìmù yìí ní 1958. Ẹ̀yin tí ẹ ń sọ pé ìmọ̀ ṣàn láti Paris lọ sí àríwá, ibi tí odò náà ti ṣàn wá gan-an nìyẹn.

A kò gbọdọ̀ gbàgbé ilé ìtàgé. Bertolt Brecht, ará Jámánì tó ní kí òṣèré má ṣe bí ẹni pé kò rí àwọn tó ń wò ó, sá fún ìjọba Hitler, ó sì gbé ní Dẹ́nmárkì láti 1933 di 1939 kó tó kọjá sí Swídìn àti Finland. Èrò rẹ̀ kì í ṣe àjèjì fún àwọn onítàgé agbègbè náà. Ti ọmọ Nọ́wè gan-an sì tún ju ìyẹn lọ. Ta ló kọ́ ayé òde òní pé eré lè bẹ̀rẹ̀ nígbà tí ọ̀ràn ti ṣẹ̀ tán, kí gbogbo ohun tó kù wá jẹ́ bí àná ṣe ń yọjú díẹ̀díẹ̀ láti wá gba ẹ̀san lọ́wọ́ òní? Henrik Ibsen ni, nínú Gengangere ní 1881, nínú Rosmersholm ní 1886. Ẹnikẹ́ni tó bá dàgbà sí Nọ́wè tó sì nífẹ̀ẹ́ ìtàn ti jẹ nínú abọ́ yẹn. Ó yà mí lẹ́nu pé àwọn tó ń wá orírun Jakten fò ó dá, tí wọ́n lọ ń wá a ní òpópónà Champs-Élysées ní Paris.

Ó tún ku jáàsì. Løchen jẹ́ olórin jáàsì kó tó di ẹni tí a mọ̀ mọ́ fíìmù, mo sì gbà pé èyí ṣe pàtàkì ju bí ìwé ìtàn sinimá ṣe ń kà á sí lọ. Nínú jáàsì, gbogbo wọn mọ orin náà. Ohun tí wọn kò mọ̀ ni bí ẹni tó kàn yóò ṣe gbé e. Onífèrè á gbé e, á sọ tirẹ̀, onídùùrù á gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Orin kan náà ni, ọ̀nà tó gbà wọ etí ló ń yí padà. Ẹ fi ọ̀rọ̀ yìí sọ́kàn bí a ti ń lọ sórí fíìmù kejì.

Motforestilling jáde ní 1972. Fíìmù nípa àwọn tó ń ṣe fíìmù ni, fíìmù òṣèlú ni wọ́n sì ń gbìyànjú láti ṣe. Ohun tí gbogbo ayé mọ̀ mọ́ ọn ni pé ègé márùn-ún tí wọ́n ń pè ní rìlì ni, a sì lè fi rìlì márààrún hàn ní ètò yòówù. Èyíkéyìí nínú márùn-ún lè ṣáájú. Ó ku mẹ́rin fún ipò kejì, mẹ́ta fún ìkẹta, méjì fún ìkẹrin, ọ̀kan fún ìkarùn-ún. Bí a bá sọ wọ́n di púpọ̀, ọ̀nà 120 ló wà láti gbà wò ó.

Nọ́ńbà yìí ló ṣi àwọn ènìyàn lọ́nà. Wọ́n gbọ́ 120, wọ́n sì rò pé ẹnì kan jókòó sídìí ìṣirò kó tó ronú nípa fíìmù. Ẹni tó bá mọ bí ilé sinimá ṣe ń ṣiṣẹ́ nígbà náà yóò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ náà bẹ̀rẹ̀ láti ibòmíràn. Fíìmù tí wọ́n fi ń ṣeré nígbà náà, tó fẹ̀ ní mìlímítà 35, kì í dé ilé sinimá lódidi. Wọ́n á ká a mọ́ kẹ̀kẹ́ irin tí wọ́n ń pè ní rìlì. Rìlì ńlá kan máa ń gba nǹkan bíi mítà 600, ìyẹn ogún ìṣẹ́jú tàbí díẹ̀ lé. Fíìmù tó lé ní wákàtí kan àbọ̀, rìlì márùn-ún ló máa ń jẹ́. Ẹ̀rọ méjì ló wà nínú yàrá kékeré tó wà lẹ́yìn àwọn òǹwòran. Bí èyí bá ń ṣiṣẹ́, ẹni tó wà nídìí wọn á ti gbé rìlì tó kàn sórí èkejì. Á wá tẹjú mọ́ igun òkè àwòrán lápá ọ̀tún. Àmì roboto kékeré kan á yọ níbẹ̀, á tẹ ẹ̀rọ kejì kó máa yí. Ní bí ìṣẹ́jú-àáyá méje lẹ́yìn náà, àmì mìíràn á yọ, á ti ìmọ́lẹ̀ kan pa, á ṣí èkejì. Bó bá mọ iṣẹ́ rẹ̀, kò sí òǹwòran tí yóò mọ̀ pé ohunkóhun ṣẹlẹ̀.

Àṣìṣe tí irú òṣìṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ń bẹ̀rù jù lọ ni kó gbé rìlì kẹrin sí ibi tí ìkẹta yẹ kó wà. Ìtàn á dàrú, àwọn ènìyàn á pariwo. Løchen mú ohun ìbẹ̀rù yẹn gan-an, ó fi ṣe ìpìlẹ̀ iṣẹ́ rẹ̀. Ó béèrè pé kí la ó rí bí kò bá sí èyí tó yẹ kó jẹ́ ìkẹta? Ẹni tó mọ fíìmù gẹ́gẹ́ bí ohun tí a ń fọwọ́ gbé, tó wúwo, tí a ń kó sínú páànù láti ìlú dé ìlú, ló lè ronú bẹ́ẹ̀.

Irú iṣẹ́ yìí le ju bí a ṣe rò lọ. Ìparí rìlì kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ lè pàdé ìbẹ̀rẹ̀ mẹ́rin yòókù. Kò sí rìlì tó lè gbára lé e pé òǹwòran ti mọ ẹni yìí tàbí pé ó ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn. Ọ̀kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ lè ṣe ìbẹ̀rẹ̀, ó gbọ́dọ̀ lè ṣe òpin. Àwòrán kò sì yí padà rárá: ohun tí ẹni tó wo ètò kìíní rí náà ni ẹni tó wo ètò ọgọ́fà rí. Ohun tó ń yí padà ni ìdájọ́ wa. Ẹni tí a kọ́kọ́ bá pàdé nínú ìbínú, ojú oníbìínú la ó máa fi wò ó. Bí a bá kọ́kọ́ rí i níbi tó ti ń ronú, a ó wá ìdí fún ìbínú rẹ̀. Nínú ọdún 1972 yẹn, àwọn ará Nọ́wè pín sí méjì lórí bóyá kí orílẹ̀-èdè wọn wọ ẹgbẹ́ àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù. Ní ọjọ́ 25 oṣù kẹsàn-án, ìdá 53.5 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn tó dìbò ló ní rárá. Nínú irú àkókò bẹ́ẹ̀, èyí tí ènìyàn kọ́kọ́ gbọ́ nínú ọ̀rọ̀ òṣèlú kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré.

Àwọn kan tún ń pe Motforestilling ní fíìmù tí òǹwòran ń darí, wọ́n sì ń kà á mọ́ àwọn eré òde òní tí a ń tẹ bọ́tìnì láti yan ohun tó kàn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Èyí tí òǹwòran darí ni Kinoautomat ti Radúz Činčera láti Czechoslovakia, tí wọ́n fi hàn ní Montreal ní 1967, níbi tí àwọn ènìyàn ti ń tẹ bọ́tìnì pupa tàbí àwọ̀ ewé láti dìbò. Òǹwòran Løchen kò tẹ nǹkan kan. Àwọn tó ń fi fíìmù hàn ló tò ó, òǹwòran sì jókòó sínú ohun tí wọ́n tò. Bẹ́ẹ̀ náà ni kò tọ́ kí àwọn tó fẹ́ràn rẹ̀ máa sọ pé èrò yìí kò wá sọ́kàn ẹnikẹ́ni rí. Karlheinz Stockhausen ti kọ Klavierstück XI ní 1956, orin dùùrù oní-ègé 19 tí ojú ẹni tó ń tẹ̀ ẹ́ ń yan èyí tó kàn. Marc Saporta gbé ìwé ìtàn tí a kò dì pọ̀ jáde ní Faransé ní 1962, B. S. Johnson gbé tirẹ̀ jáde nínú àpótí ní London ní 1969. Ohun tí Løchen ṣe ni pé ó gbé èrò náà wọ inú fíìmù, ó sì rí i pé ẹ̀rọ sinimá ti pèsè ibi fún un sílẹ̀. Ìyìn tó tó fún un nìyẹn. Kò nílò àbùmọ́.

Ọ̀rọ̀ ìkẹta, pé kò ju bàbá ìyá Trier lọ, kò ní gùn. Ohun tó ń ti ọ̀rọ̀ yìí lẹ́yìn ni pé iṣẹ́ rẹ̀ kéré níye. Fíìmù ńlá méjì péré, ọdún 13 láàárín wọn: àwọn kan rí èyí, wọ́n ní aṣèyíówùú ni. Wọ́n gbàgbé bí sinimá ṣe rí ní Nọ́wè nígbà náà. Láti ìgbà òfin 1913 ni àwọn ìjọba ìbílẹ̀ ti ní agbára lórí ilé sinimá, wọ́n sì di olówó wọn. Èrè tíkẹ́ẹ̀tì ń lọ sápò ìlú, kì í padà sọ́dọ̀ àwọn tó ṣe fíìmù. Àwọn ìjọba ìbílẹ̀ yìí náà ló dá Norsk Film A/S sílẹ̀ ní 1932 láti fi tún un ṣe, ṣùgbọ́n owó kò fìgbà kan pọ̀. Løchen, tí wọ́n bí ní 1924, jẹ́ ọ̀kan lára àwọn tó dá ilé-iṣẹ́ ABC-Film sílẹ̀ lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì. Fíìmù kúkúrú àti iṣẹ́ tí wọ́n gbé fún wọn ni wọ́n fi ń jẹun níbẹ̀. Ó kọ ìtàn fún fíìmù. Láti 1981 títí ó fi kú ní 1983, òun ni olùdarí iṣẹ́ ọnà ní Norsk Film. Ẹni tí orílẹ̀-èdè rẹ̀ gbé ilé fíìmù rẹ̀ lé lọ́wọ́ kì í ṣe aṣèyíówùú.

Ní ti Joachim Trier, ọmọ ọmọ rẹ̀ tí wọ́n bí ní 1974, òótọ́ ni pé a rí ohun ilé lára iṣẹ́ rẹ̀. Reprise, ní 2006, bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú asọ̀tàn tó ń sọ ohun tí ì bá ṣẹlẹ̀ sí ọ̀dọ́ òǹkọ̀wé méjì, kó tó padà wá sí ohun tó ṣẹlẹ̀. Verdens verste menneske, ní 2021, ní orí 12, ọ̀rọ̀ ìṣáájú àti ọ̀rọ̀ ìkẹyìn, bí ìwé. Trier ti sọ ọ́ ní gbangba pé bàbá àgbà rẹ̀ wà lára àwọn tó dojú kọ àwọn Násì nígbà ogun, tí wọ́n sì mú un. Ṣùgbọ́n ọmọ ọdún mẹ́jọ tàbí mẹ́sàn-án ni Trier nígbà tí bàbá náà kú. Ìwà tí a hù sí Løchen, pé a gbé iṣẹ́ rẹ̀ fún ẹlòmíràn torí pé wọ́n jọra, kò yẹ ká tún lọ hù ú sí ọmọ ọmọ rẹ̀. Bí a bá sì fẹ́ mọ Løchen, Jakten ni ká wò, kì í ṣe fíìmù Trier. Ẹ kíyè sí i pé Jagten tí Mads Mikkelsen ṣe ní 2012 kì í ṣe òun o. Ti Dẹ́nmárkì nìyẹn.

Mo fẹ́ bẹ ẹ̀yin tí ẹ ń kọ̀wé lórí sinimá, àti ẹ̀yin tí ẹ ń kó ènìyàn jọ láti wo fíìmù. Bí ẹ bá dárúkọ Jakten, ẹ kọ 1959 sí iwájú rẹ̀, kí ẹ sì kọ 1960 sí iwájú À bout de souffle, kí òǹkàwé fúnra rẹ̀ wo èyí tó ṣáájú. Motforestilling ní tirẹ̀, bó bá ti di fáìlì kan ṣoṣo lórí kọ̀ǹpútà, ẹnì kan ti bá wa yan ètò rẹ̀ láìsọ fún wa. Ẹ sọ fún àwọn tó jókòó pé ọ̀kan nínú ọgọ́fà ni wọ́n fẹ́ wò. Bí ẹ bá sì lè rí ọ̀nà láti fi í hàn wọ́n lẹ́ẹ̀mejì, ẹ yí ètò rẹ̀ padà ní ìgbà kejì.